Ojú Lọ̀rọ̀ Wà: Orlando Martins Nínú Sinimá Tí Kì Í Fọhùn

Ẹ ti mọ sinimá tí kì í fọhùn: àwòrán ń rìn, ẹnu ń mì, ohùn kò jáde. N kò ní í pẹ́ níbẹ̀.

Ọmọ Èkó ni Orlando Martins, ẹ̀jẹ̀ Àgùdà, wọ́n bí i ní 1899. Ìgbà Ogun Àgbáyé Kìíní ló wọṣẹ́ ọkọ̀ ojú omi, tó fi dé Lọ́ńdọ̀nù. Ó ṣe aṣọ́nà òru, ó ja ìjàkadì, ó fi ejò ṣeré fún èrò ìwòran. Ó fara hàn láàárín èrò nínú sinimá tí kì í fọhùn: *If Youth But Knew* ní 1926, àti *Tiptoes* ní 1927.

Ó lé ní ogún ọdún tí èmi àtàwọn ẹlẹgbẹ́ mi kan ti ń fa ọ̀rọ̀ bóyá òṣèré ni Martins nínú sinimá wọ̀nyẹn. Wọ́n ní ẹni tó dúró láàárín èrò, tí kò sọ gbólóhùn kan, kì í ṣe òṣèré. Wọ́n ní ọ̀dọ̀ Ògúndé, àgbà òṣèré tíátà, ni ká ti bẹ̀rẹ̀ ìtàn òṣèré wa. Mo júbà Ògúndé. Ọ̀sọsà, ìlú rẹ̀, kò jìnnà sí Àgọ́-Ìwòyè, sinimá rẹ̀ *Aiyé* ọdún 1979 sì ń bà mí lẹ́rù dòní. Ṣùgbọ́n ta ló fọhùn nínú sinimá 1926? Ẹni iwájú kò fọhùn, ẹni ẹ̀yìn kò fọhùn. Ojú, èjìká àti ẹsẹ̀ ni gbogbo wọn fi ń ṣiṣẹ́.

Nígbà tí mo wà ní kékeré, ọkọ̀ sinimá wá sí Òkè-Àgbò ní Ìjẹ̀bú-Igbó. Ohùn já lágbedeméjì. Ẹnikẹ́ni kò dìde. Ìyá mi àgbà nawọ́ sí ọkùnrin kan nínú àwòrán, ó ní, "Ó ti bínú, ẹ wo ọrùn rẹ̀." Láìpẹ́, ọkùnrin náà fa ìjà. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí ẹ ń sáré fo àwòrán lórí fóònù, ọrùn ta lẹ ń rí?

Ẹ jẹ́ kí n mú *The Hasty Heart* ti 1949. Ohùn ti wọ sinimá, ti Martins sì jinlẹ̀ bí kànga. Síbẹ̀, Blossom ni wọ́n fún un ṣe, ọmọ ogun Áfíríkà tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, láàárín àwọn aláìsàn ní ilé ìwòsàn ológun ní Burma. Ronald Reagan, tó di ààrẹ Amẹ́ríkà lẹ́yìn náà, wà nínú yàrá yẹn, ó ń sọ̀rọ̀ ṣáá. Blossom na ìlẹ̀kẹ̀ sí ará Scotland tó ń kú lọ. Onítọ̀hún kọ̀ ọ́. Nígbà tó yá, ó gbà á. Níbo ni Martins ti kọ́ irú sùúrù ọwọ́ bẹ́ẹ̀, bí kì í bá ṣe láyé sinimá tí kì í fọhùn?

Martins wà nínú sinimá *Sanders of the River* ti 1935 pẹ̀lú. Ó padà sílé ní 1959, ó kú ní Èkó ní 1985.

Kó tó kú, ó wà nínú sinimá *Kongi's Harvest* ti 1970, níbi tí Wọlé Ṣóyínká tó kọ eré náà fúnra rẹ̀ ti ṣe Kongi. Ẹ wá a wò. Tó bá kan Martins, ẹ pa ohùn rẹ̀, kí ẹ máa wo ojú rẹ̀.