Ẹ̀dá Tí Ń Jẹ Ohùn

 

Bí ẹnì kan bá sọ fún yín pé ẹ̀dá kan wà tí ń jẹ ohùn, ẹ ó ní àlọ́ ni ó ń pa. Ṣùgbọ́n òótọ́ ọ̀rọ̀ ni mo bá wá. Ẹ̀dá náà wà. Àfòpiná ni.

Ẹ mọ̀ ọ́n dáadáa. Òun ni kòkòrò tó jọ labalábá, tó máa ń fò yí fìtílà ká lóru. Bí ẹ bá fi ọwọ́ mú un, nǹkan bí ìyẹ̀fun a lẹ̀ mọ́ yín níka. Ìyẹ̀fun yìí kì í ṣe ẹ̀gbin. Ìpẹ́ wẹ́wẹ́ ni, bí ìpẹ́ ẹja, ṣùgbọ́n ó kéré tó bẹ́ẹ̀ tí ojú lásán kò lè rí i lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìpẹ́ yìí ni ó ń jẹ ohùn.

Ohùn ta ni ó ń jẹ? Ohùn òòbẹ̀ ni. Àdán ńlá ń jẹ èso igi, ṣùgbọ́n òòbẹ̀ kékeré tí ń gbé inú àjà ilé, kòkòrò ni oúnjẹ tirẹ̀. Báwo ni ó ṣe ń rí kòkòrò nínú òkùnkùn biribiri? Etí ni ó fi ń ríran. Bí ó ti ń fò ni ó ń ké. Igbe náà ròkè ju ohun tí etí ènìyàn lè gbọ́. Bí igbe náà bá kan nǹkan, yóò padà sí etí rẹ̀, bí gbohùngbohùn ti ń dá wa lóhùn lẹ́bàá òkè. Ohùn tó padà ni yóò sọ ibi tí oúnjẹ wà fún un. Ní ọdún 1793, Lazzaro Spallanzani, ọ̀mọ̀wé ará Ítálì, rí i pé òòbẹ̀ tí ojú rẹ̀ fọ́ ṣì ń fò láì kọlu nǹkan. Ní ọdún 1938 ni Donald Griffin fi ẹ̀rọ gbọ́ igbe náà ní Amẹ́ríkà.

Ẹ wá wo ọgbọ́n Elédùmarè. Bí igbe òòbẹ̀ bá kan ìpẹ́ àfòpiná, ìpẹ́ náà a gbọ̀n, a sì gbé apá kan igbe náà mì. Ohùn tó padà kò pọ̀ mọ́. Òòbẹ̀ a ṣe bí ẹni pé kò sí nǹkan níbẹ̀, a fò kọjá. Ní ọdún 2018, àwọn ọ̀mọ̀wé Yunifásítì Bristol ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì yẹ ìpẹ́ àfòpiná ńlá kan wò. Bunaea alcinoe ni wọ́n ń pè é, ilẹ̀ Áfíríkà wa ni ó sì ti wá. Wọ́n rí i pé irú ohùn tí òòbẹ̀ ń ké gan-an ni ó ń mú ìpẹ́ náà gbọ̀n. Ní ọdún 2020, wọ́n tún rí i pé irun àyà àwọn ìbátan rẹ̀ ń gbé ju ìdajì ohùn tó bá kàn án mì.

Àfòpiná yìí kò ní etí tí yóò fi gbọ́ ọ̀tá. Bí ó bá ti hu ìyẹ́, kò tún jẹun mọ́. Ohun tó jẹ nígbà tó wà ní kòkòrò tí ń jẹ ewé ni yóò fi gbé ìwọ̀nba ọjọ́ tó kù, títí yóò fi yé ẹyin. Nítorí náà, kò sí ohun mìíràn tí ó ń jẹ bí kò ṣe ohùn!

Ẹnì kan lè wí pé, "Kí ni èyí kàn mí?" Ó kàn yín, ẹ̀yin àgbẹ̀. Kòkòrò ajàgbàdo tó wọ ilẹ̀ wa ní ọdún 2016, ọmọ àfòpiná kan ni. Bí àfòpiná bá pọ̀ jù, oko run. Òòbẹ̀ ni ó ń dín wọn kù lálaalẹ́, kò sì gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n bí àfòpiná bá tán pátápátá, kànní tí wọ́n ń tà lọ́jà yóò tán pẹ̀lú, nítorí ọmọ àfòpiná ni òun náà. Ẹ̀kan kò gbọdọ̀ pa èkejì run.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ṣe pa òòbẹ̀ nítorí pé ẹnì kan ní ẹyẹ àjẹ́ ni. Ẹ má fi ọwọ́ lásán mú un, nítorí ó lè buni jẹ, ó sì lè kó àrùn ranni. Bí ẹ kò bá fẹ́ ẹ nínú àjà, ẹ dúró títí ọmọ rẹ̀ yóò fi lè fò. Nígbà tí gbogbo wọn bá jáde lálẹ́, kí ẹ dí ihò náà. Nínú oko, ẹ máa yẹ ewé àgbàdo wò, kí ẹ fi ọwọ́ tẹ ẹyin kòkòrò pa, kí ẹ tó ronú oògùn olóró. Oògùn tí ẹ bá fọ́n káàkiri yóò pa ọ̀tá àti ọ̀rẹ́ pọ̀.

Àwọn ọ̀mọ̀wé ti ń kọ́ ọgbọ́n lára ìyẹ́ àfòpiná báyìí, kí wọ́n lè ṣe ìbora ògiri fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí yóò máa gbé ariwo mì. Ẹni tí ilé rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ ìlọta mọ bí èyí yóò ti wúlò tó.

Kékeré kọ́ ni ẹ̀dá, bó ti wù kó rí.