Ta Ni Yóò Sọ Pé Orí Ọmọ Ti Wọ́? Ọ̀rọ̀ Lórí Aleksandar Petrović

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Òwe yìí kò ṣàjèjì sí àwa tí a ń ṣe iṣẹ́ olùkọ́. Ṣùgbọ́n ìbéèrè kan fara pamọ́ sínú rẹ̀: ta ni yóò pinnu pé orí ọmọ náà ti wọ́? Ìbéèrè yìí ni ó gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ẹni tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ ní alẹ́ òní, ìyẹn Aleksandar Petrović, òǹkọ̀wé àti olùdarí sinimá ní Yugoslavia, orílẹ̀-èdè tí ó túká ní nǹkan bí ọdún 1991 sí 1992.

Ìlú Paris ni a ti bí Petrović ní ọdún 1929. Ní 1947, ó lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ sinimá ní ìlú Prague. Kò tíì jókòó dáadáa tí ìjà fi bẹ́ sílẹ̀ láàrin Tito àti Stalin ní 1948, ni ó bá padà sílé. Ó kẹ́kọ̀ọ́ gboyè nínú ìtàn iṣẹ́ ọnà ní Belgrade ní 1955.

Iṣẹ́ rẹ̀ tí a ó kọ́kọ́ yẹ̀ wò ni Tri, èyí tí ó túmọ̀ sí Mẹ́ta, tí ó jáde ní 1965. Inú ìtàn Antonije Isaković ni ó ti fa á yọ. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni ọkùnrin kan ṣoṣo pàdé ikú nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ogun, ojú rẹ̀ ni àwọn sójà ṣe yìnbọn pa àlejò kan tí wọ́n fura sí. Ní àárín ogun, àwọn ọ̀tá ń lépa òun fúnra rẹ̀. Ní ìparí, ó ti di ọ̀kan nínú àwọn aṣẹ́gun, ó sì ń wo ọmọbìnrin kan tí wọ́n fẹ́ lọ pa. Ọ̀pọ̀ sinimá ogun ilẹ̀ náà nígbà náà ni ó ń yin akọni; ohun tí Petrović ń bi wá ni pé, ǹjẹ́ ikú yàtọ̀ nígbà tí ó bá ti ọwọ́ tiwa wá?

Èkejì ni Skupljači perja, ti ọdún 1967. Àwọn tí ń ra ìyẹ́ gúúsì kiri, ẹyẹ tí ó fara jọ pẹ́pẹ́yẹ, ni ó dá lé lórí. Ilẹ̀ Vojvodina ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀, láàrin àwọn ènìyàn Roma, tí àwọn aládùúgbò wọn ti fi ojú àbùkù wò fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní tèmi tí í ṣe olùkọ́ èdè, ibi tí ó wú mi lórí jù ni pé Petrović kò fi èdè aládùúgbò sí wọn lẹ́nu. Èdè Romani tiwọn ni wọ́n fi ń bú ara wọn, tí wọ́n fi ń ná ọjà, tí wọ́n fi ń kọrin. Ó gba ẹ̀bùn ńlá ti àwọn adájọ́ ní Cannes lọ́dún náà. Òun àti Tri ni wọ́n yàn, ní ọdún méjì tí ó tẹ̀ léra, mọ́ àwọn tí ń du ẹ̀bùn Oscar ní Amẹ́ríkà. Èyí tí ó tún jù bẹ́ẹ̀ lọ ni pé ohùn orin kan tí a gbọ́ nínú rẹ̀, Djelem, djelem, ni àpérò àgbáyé àwọn Roma sọ di orin orílẹ̀ wọn ní 1971.

Ẹ jẹ́ kí a wá bọ́ sórí kókó. Ní 1969, ìwé ìròyìn Borba pe irú sinimá báyìí ní Ìgbì Dúdú, ìyẹn ni pé ó ń fi kìkì òkùnkùn ìlú han ayé. Petrović ń kọ́ni nílé-ẹ̀kọ́ sinimá ní Belgrade nígbà náà. Ọ̀kan nínú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ibẹ̀, Lazar Stojanović, ṣe sinimá àṣegboyè kan ní 1971, Plastični Isus, ó sì to àwòrán Tito pọ̀ mọ́ ti àwọn Nazi. Ìjọba sọ akẹ́kọ̀ọ́ sẹ́wọ̀n, wọ́n ti sinimá rẹ̀ mọ́lé títí di 1990. Ní 1973, wọ́n lé olùkọ́ náà kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Ẹ̀sùn wọn kò ju pé àgbà wà lọ́jà, orí ọmọ wọ́.

Ọdún kan péré ṣáájú ni Petrović gbé ìwé Bulgakov, Majstor i Margarita, jáde ní sinimá: ìtàn òǹkọ̀wé tí àwọn aláṣẹ kò jẹ́ kí iṣẹ́ rẹ̀ rí ìmọ́lẹ̀. Àfi bí ẹni pé ó ń sọ tẹ́lẹ̀! Lẹ́yìn náà, ilẹ̀ Jámánì ni ó ti ṣe sinimá tí ó jáde ní 1977. Paris tí a ti bí i náà ni ó kú sí ní 1994.

Ẹnìkan lè wí pé ó yẹ kí olùkọ́ ti kìlọ̀ fún ọmọ. Mo gbà pé ìkìlọ̀ jẹ́ ojúṣe wa. Ṣùgbọ́n bí olùkọ́ bá ń bẹ̀rù iṣẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀, kí ni yóò kọ́ ọ bí kò ṣe ẹ̀rù? Ìyá tí ń tún orí ọmọ ṣe ń ṣe é kí ọmọ lè mí ni. Ẹni tí ó bá fún un lọ́rùn kò lè wí pé orí ni òun ń tún ṣe.

Ẹ̀yin olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ bá wa rò ó wò.