Típà Oníyanrìn Nílé Ẹjọ́

Ará Festac àti Àmúwò-Ọ̀dọ̀fin mọ ìró típà oníyanrìn dáadáa. Bí ìjọba bá gbẹ́sẹ̀ lé irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀, tí òjò ń pa á, tí gbèsè tí a fi rà á ń gorí gbèsè ńkọ́?

Ní ọdún 2002, Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ilẹ̀ Íńdíà wí pé kí ọkọ̀ má ṣe pẹ́ ní àgọ́ ọlọ́pàá. Kí a ya àwòrán rẹ̀, kí olówó rẹ̀ tọwọ́ bọ̀wé, kí ó mú onídùúró wá, kí ó sì gbé e lọ. Ẹjọ́ náà kì í ṣe ti yanrìn o, ṣùgbọ́n òun ni àwọn oníyanrìn ibẹ̀ máa ń tọ́ka sí. Ìdásílẹ̀ ọkọ̀ kì í ṣe ìdáláre.

Èmi fara mọ́ ọn: ọkọ̀ tí ó dógùn-ún kò dá yanrìn padà sódò. Ṣùgbọ́n bí owó ìdúró bá kéré, lóru ọjọ́ náà ni yóò tún wà létí odò.