Ọkọ́ àti Ọkọ̀ Lójú Gíláàsì: Àkọtọ́ Yorùbá àti Ẹ̀rọ Kékeré

Ó lè ya yín lẹ́nu pé olùkọ́ lítíréṣọ̀ ni ó fẹ́ sọ̀rọ̀ nípa ẹ̀rọ. Ṣùgbọ́n níbi tí a bá ti ń kọ lẹ́tà, ọ̀rọ̀ kàn wá níbẹ̀.

Gíláàsì pẹlẹbẹ tí í fi ọ̀rọ̀ hàn, tí a ń pè ní LCD, ni mo ní lọ́kàn. Èyí tí ó wọ́pọ̀ ní ìlà 2, ìlà kọ̀ọ̀kan sì ń gba lẹ́tà 16. Kọ̀ǹpútà kékeré kan, máíkírókọ̀ńtírólà, ni í fi nọ́ńbà ránṣẹ́ sí i. Ohun tí ń gba iṣẹ́ náà lẹ́yìn gíláàsì ni HD44780, tí ilé-iṣẹ́ Hitachi ti ilẹ̀ Japan ṣe, tàbí èyí tí àwọn mìíràn ṣe ní àwòṣe rẹ̀. Wáyà kan ni ó ń sọ ìtumọ̀ nọ́ńbà. Bí iná wáyà náà bá wà nísàlẹ̀, nọ́ńbà 1 jẹ́ àṣẹ pé kí ojú gíláàsì mọ́. Bí ó bá wà lókè, nọ́ńbà 1 yìí kan náà di lẹ́tà. Èyí kò lè ṣàjèjì sí àwa tí ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ ń yí ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ padà fún.

Ìṣòro wa wà nínú àwọn lẹ́tà tí wọ́n ti kọ́ mọ́ ẹ̀rọ náà. Irú kan, A00, ní lẹ́tà Gẹ̀ẹ́sì àti ti Japan. Kò ní ẹ, ọ, ṣ, bẹ́ẹ̀ ni kò ní fáwẹ̀lì alámì ohùn wa. Ààyè 8 péré ni a lè fi ya lẹ́tà tiwa. Fáwẹ̀lì 7 lọ́nà méjì jẹ́ 14. Ẹ, ọ àti ṣ sọ ọ́ di 17, láìka lẹ́tà ńlá àti n alámì ohùn. Ìdẹwò ibẹ̀ ni pé kí a bọ́ gbogbo àmì dànù.

Ṣùgbọ́n irú kejì wà, A02, tí ó ní lẹ́tà ilẹ̀ Yúróòpù: á, à, é, è títí dé ú àti ù. Ohun tí ó kù kò ju 7 lọ: ẹ, ẹ́, ẹ̀, ọ, ọ́, ọ̀, ṣ. Ààyè 8 gbà wọ́n, ó sì ṣẹ́ ku ẹyọ kan. Nítorí náà, kí olùrà béèrè irú èyí tí ó ń rà.

Báwo ni a ṣe ń yà wọ́n? Ààyè lẹ́tà kan ní ìlà 8, ìlà kọ̀ọ̀kan ní ẹ̀kán 5. Láti apá òsì, iye wọn ni 16, 8, 4, 2, 1. A ó ro iye èyí tí a bá fẹ́ kí ó hàn pọ̀. Mo ya ọ́ báyìí: 2, 4, 0, 14, 17, 14, 0, 4. Mo ya ọ̀ báyìí: 8, 4, 0, 14, 17, 14, 0, 4. Ẹ wò ó: ẹ̀kán kan ṣoṣo, ní ìlà àkọ́kọ́, ni ó ya ọkọ́ tí àgbẹ̀ fi ń roko sọ́tọ̀ kúrò lára ọkọ̀ tí ó gbé e lọ sí oko.

Ẹni tí ó sọ pé ẹ̀rọ kò gba Yorùbá kò tíì jókòó ya lẹ́tà 7. Àgbájọ ọwọ́ ni a fi ń sọ̀yà: kí akẹ́kọ̀ọ́ èdè àti akẹ́kọ̀ọ́ ẹ̀rọ yà wọ́n pọ̀, kí wọ́n sì fi nọ́ńbà wọn lé gbogbo ilé-ẹ̀kọ́ lọ́wọ́.