Kọfí Àpòwú: Ọ̀rọ̀ Lórí Orúkọ Ohun Mímu Titun

Ọ̀rọ̀ ife kan ṣoṣo ni mo mú wá lónìí.

Bí ènìyàn bá dúró ní Ibafo tàbí ní Mowe ní agogo 5 ìdájí, níbi tí àwọn tí ń lọ ṣiṣẹ́ ní Èkó ti ń retí ọkọ̀ ní etí ọ̀nà ńlá tí ó ti Èkó lọ sí Ìbàdàn, yóò rí àwọn onítíì lẹ́yìn tábìlì wọn, pẹ̀lú omi gbígbóná, agolo mílíìkì àti búrẹ́dì. Oníbàárà kan yóò dé, yóò ní, "Po tíì fún mi." Onítíì kò ní fọwọ́ kan ewé tíì rárá. Ohun tí yóò béèrè ni pé, "Milo ni àbí Bournvita?" Ẹlòmíràn yóò ní tíì Nescafé ni òun fẹ́. Kò sí ẹni tí yóò rẹ́rìn-ín, nítorí pé ní ilẹ̀ wa, ohunkóhun tí ó bá gbóná, tí a fi ṣúgà àti mílíìkì sí, tíì ni. Kòkó tí àwọn bàbá wa tà, tí wọ́n fi kọ́lé, tí wọ́n fi rán ọmọ lọ sí ilé-ìwé, bí wọ́n bá ti lọ̀ ọ́ tán tí wọ́n rọ ọ́ sínú agolo, orúkọ ewé kan láti ilẹ̀ Ṣáínà ni a fi ń pè é. Ó máa ń dùn mí díẹ̀, ṣùgbọ́n n kò lè bá gbogbo ayé jà.

Orúkọ tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí gan-an dé ọ̀dọ̀ wa ní ọdún 2020. Ẹ ó rántí ọdún náà. Àrùn kòrónà ń jà, Ààrẹ Muhammadu Buhari sì kéde ní ìparí oṣù kẹta pé kí àwọn ará Èkó, Àbújá àti Ìpínlẹ̀ Ògùn jókòó sílé. Ti Ògùn bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 3 oṣù kẹrin. Ọ̀nà Ibafo tí kì í sùn wá dákẹ́ bí ọ̀nà oko. Ilé-ìwé ti tì, àwọn ọmọ wa sì di ojú mọ́ fóònù. Ohun tí wọ́n rí níbẹ̀ ni àwọn ọ̀dọ́ káàkiri ayé tí wọ́n ń lu kọfí nínú abọ́ bí ẹni pé ó ṣẹ̀ wọ́n. Wọ́n ní dalgona ni orúkọ rẹ̀. Kí oṣù náà tó parí, agolo Nescafé ti kúrò lórí pẹpẹ ní ilé púpọ̀, ó ti bọ́ sọ́wọ́ àwọn ọmọ.

Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyí. A ó bu ṣíbí ìjẹun 2 kọfí inú agolo, irú èyí tí ń yọ́ sínú omi láìní èérí. A ó bu ṣíbí 2 ṣúgà. A ó sì fi ṣíbí 2 omi gbígbóná sí i. A ó wá máa lù ú. Àwọn ará Gúúsù Kòríà tilẹ̀ ń pè é ní kọfí tí a pò ní ìgbà 400, apá ẹni tí ó bá fi ọwọ́ ṣe é yóò sì jẹ́rìí pé wọn kò purọ́. Omi dúdú náà yóò bẹ̀rẹ̀ sí í hó, yóò pọ́n, yóò wú, yóò ki tó bẹ́ẹ̀ tí a lè fi ṣíbí gbé e lé orí mílíìkì tútù nínú ife, kò sì ní rì.

Ẹ̀yin ìyá tí ẹ ń dín àkàrà mọ ìdí rẹ̀ dáadáa. Nígbà tí ẹ bá lọ ẹ̀wà tán, ẹ kì í kàn dà á sínú epo. Ẹ ó pò ó, ẹ ó lù ú títí yóò fi wú tí yóò sì funfun sí i, kí àkàrà lè fúyẹ́. Afẹ́fẹ́ ni ẹ ń fi sínú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ti kọfí yìí. Àwọn èròjà kan wà nínú rẹ̀ tí ń di afẹ́fẹ́ mú, ṣúgà sì ń mú kí omi náà ki, kí ìhó rẹ̀ má baà tètè wó. Ẹni tí ó bá yọ ṣúgà kúrò yóò rí ìhó, ṣùgbọ́n kò ní pẹ́ rí i mọ́.

Níbo wá ni orúkọ náà ti wá? Ní Gúúsù Kòríà, dalgona jẹ́ àdídùn àwọn ọmọdé. Ṣúgà ni wọ́n ń yọ́ lórí iná, wọn a fi sódà díẹ̀ sí i títí yóò fi wú, bí ó bá sì tutù, yóò le gbagidi. Àwọn ọmọ a máa rà á bí àwọn ọmọ tiwa ti ń ra bàbá dúdú. Nínú ètò tẹlifíṣọ̀n kan tí àwọn ará Kòríà wò ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2020, òṣèré kan tí ń jẹ́ Jung Il-woo tọ́ kọfí lílù kan wò ní ìlú Macau, ní etí òkun Ṣáínà, ó sì ní adùn rẹ̀ rán òun létí dalgona. Orúkọ lẹ̀ mọ́ ọn láti ọjọ́ náà. Ẹ kíyè sí i pé kò sí àdídùn dalgona kankan nínú ife náà. Kọfí náà fúnra rẹ̀ kì í sì í ṣe ohun titun. Ó ti pẹ́ tí àwọn ará Íńdíà àti Pakistan ti ń lu kọfí mọ́ ṣúgà báyìí, tí wọ́n sì ń da mílíìkì gbígbóná lé e lórí. Kọfí lílù ni wọ́n ń pè é ní èdè tiwọn.

Orúkọ ohun mímu máa ń ní ìtàn. Ní Senegal, ìlú mímọ́ kan, Touba, ni wọ́n fi sọ kọfí kan lórúkọ. Àwọn ènìyàn ibẹ̀ gbà pé Sheikh Ahmadou Bamba, ẹni tí ó tẹ ìlú náà dó, ni ó mú un bọ̀ láti Gabon, níbi tí àwọn Faransé lé e lọ láti ọdún 1895 títí di 1902. Ohun tí ó mú kọfí Touba yàtọ̀ ni ẹ̀ẹ̀rù, èso dúdú gígùn tí àwọn ẹlẹ́wé ọmọ ń tà fún wa láti fi se àgbo. Ẹ̀ẹ̀rù tiwa yìí náà ni! Ṣùgbọ́n ẹni tí ó gbọ́ "Touba" kò lè mọ̀. Ní ìlú Boston ní Amẹ́ríkà ẹ̀wẹ̀, ilé ìtakọfí kan so ọ̀rọ̀ méjì pọ̀ ní ọdún 1992, wọ́n sì sọ kọfí oníyìnyín wọn ní Frappuccino. Ní ọdún 1994 ni Starbucks ra ilé ìtakọfí náà, orúkọ náà sì bá ọjà lọ. Láti ìgbà náà, orúkọ yẹn ní olówó. Oníṣòwò mìíràn kò gbọdọ̀ kọ ọ́ sí ara ìgò tirẹ̀. Ó yà mí lẹ́nu pé ènìyàn lè ra ọ̀rọ̀ bí ẹni ra ilẹ̀.

Ti dalgona kò ní olówó, nítorí náà ni mo ṣe gbé e síwájú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi tí ń kọ́ iṣẹ́ olùkọ́. Mo ní kí wọ́n fún mi ní orúkọ rẹ̀ ní èdè Yorùbá. Ẹnì kan dìde, ó ní kí ni a tún ń wá? Ó ní Yorùbá ni ọ̀rọ̀ náà tẹ́lẹ̀: "dàlù" ni ó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, kí a sáà pè é ní àdàlù. Kíláàsì pariwo. Òmíràn tí ó ti Ifọ̀ wá ní bí òun bá dé ilé oúnjẹ ní ìlú àwọn tí òun ní kí wọ́n gbé àdàlù wá, ẹ̀wà àti àgbàdo ni wọn yóò bù fún òun, wọn yóò sì bi òun bóyá òun yóò fi ẹja sí i. Ẹnì kan ní kí a pè é ní kọfí ahólórí, nítorí ìhó orí rẹ̀. Wọ́n ní "hó" tún jẹ́ ti omi orí iná, kọfí yìí sì tutù. Níkẹyìn, ọmọbìnrin kan tí kì í sábà sọ̀rọ̀ ní: "Kọfí àpòwú." Gbogbo wa dákẹ́.

Ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé, ẹ wo bí ó ṣe tò ó. Ó mú "pò", ó mú "wú", ó fi "à" síwájú wọn, bí a ti ṣe rí àdàlù, àdàpọ̀ àti àpòpọ̀. Ẹni tí kò rí i rí yóò mọ̀ pé kọfí ni, pé wọ́n pò ó, àti pé ó wú. Orúkọ náà ń sọ iṣẹ́ tí a ṣe sí i. Èmi gbà á.

Ó lè dà bí eré lójú yín. Ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí tí n kò fi kà á sí eré. Ìyá kan ní Ibafo ní ọmọ tí ó ń múra ìdánwò. Ọmọ náà ní, "Màmá, tíì ni mo ń mu lóru kí n lè kàwé." Ìyá rò pé Milo ni, ó tilẹ̀ ń ra mílíìkì kún un. Kọfí àpòwú ni ọmọ ń lù, ife kan lálaalẹ́. Ní òru kẹta, oorun kọ̀ kò wá, ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n, àyà rẹ̀ ń lù kìkì, ẹ̀rù sì ba gbogbo ilé. Bí ó bá pè é ní kọfí ni, ìyá ì bá ti béèrè ọ̀rọ̀.

Ẹ bá mi ṣírò. Ṣíbí ìjẹun kan gba ṣíbí tíì 3. Ṣíbí ìjẹun 2 jẹ́ ṣíbí tíì 6. Ẹni tí ń fi ṣíbí tíì kan po ife kọfí kan ti da ife 6 pọ̀ sínú ẹyọ kan ṣoṣo, ṣúgà ṣíbí tíì 6 sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Káféènì ni èròjà tí ń lé oorun nínú kọfí, nǹkan bí mílígíráàmù 60 sì wà nínú ṣíbí tíì kan. Àjọ tí ń bójú tó ààbò oúnjẹ ní ilẹ̀ Yúróòpù sọ ní ọdún 2015 pé kí àgbàlagbà tí ara rẹ̀ le má ṣe kọjá 400 lójúmọ́, kí ti ọmọdé má sì kọjá 3 fún kílò kọ̀ọ̀kan ara rẹ̀. Ọmọ tí ó wọn kílò 30, tirẹ̀ jẹ́ 90. Ẹ ka iye tí ó wà nínú ṣíbí 6.

Káféènì kì í sì í ṣe àjèjì sí wa. Òun náà ni ó wà nínú obì. Ẹ̀yin àgbà Ifọ̀ mọ̀ bí ọkọ̀ ojú irin ti ń kó gbàǹja láti agbègbè Agége àti Abẹ́òkúta lọ sí òkè Ọya, àti bí awakọ̀ àti ọdẹ tí ń ṣọ́ òru ti ń jẹ ẹ́ kí ojú wọn má baà pa dé. Ṣùgbọ́n obì korò. Ọmọdé a bù ú jẹ, a sì tutọ́ rẹ̀ dànù. Àpòwú dùn. Ibẹ̀ ni ó ti yàtọ̀.

Nítorí náà, ẹ̀yin òbí, bí ọmọ bá ní tíì ni òun ń mu, ẹ ṣí agolo náà wò. Ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé ní Mowe, ní Ibafo àti ní Ifọ̀, mo ní iṣẹ́ kan fún yín. Kọfí oníyìnyín tí wọ́n ń tà nínú ìgò kò tíì ní orúkọ Yorùbá tí ó tẹ́ mi lọ́rùn. Ẹ bá mi ro ó, ẹ kọ ọ́ sínú ìwé kékeré kan, kí ẹ sì fi lé olùkọ́ yín lọ́wọ́ kí ó fi ránṣẹ́ sí wa. Ẹ sọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀ nínú orúkọ náà. "Tíì tútù" nìkan ni n kò ní gbà.