Orin Tó Ń Dá Àkókò Padà

Ẹ fi íápíìsì sétí, ẹ jókòó dáadáa. Ọ̀rọ̀ gémù la fẹ́ sọ lónìí, àmọ́ ọ̀rọ̀ yẹn máa gbé wa dé ilé màmá àgbà mi.

Gémù náà ni The Legend of Zelda: Majora's Mask. Ọdún 2000 ni ilé iṣẹ́ Nintendo kọ́kọ́ gbé e jáde, wọ́n sì tún un ṣe lọ́dún 2015. Èyí tí wọ́n tún ṣe yẹn ni ẹ̀gbọ́n mi ní, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni mo ti gbá a.

Bó ṣe lọ nìyí. Òṣùpá kan tó lójú, tó sì fajú ro, ń já bọ̀ lórí ìlú Clock Town, ní ilẹ̀ Termina. Ọjọ́ mẹ́ta péré ló kù, ìyẹn wákàtí 72. Ọmọkùnrin kan tó ń jẹ́ Link ló fẹ́ gba ìlú náà là. Ó ní idà, àmọ́ idà kọ́ ló máa gbà á lọ́jọ́ yẹn. Fèrè kékeré kan tí wọ́n ń pè ní ocarina ni.

Nígbà tó ku díẹ̀ kí òṣùpá já lulẹ̀, Link rí fèrè náà gbà padà lọ́wọ́ ẹni tó jí i. Bó ṣe bọ́ sí i lọ́wọ́ báyìí, ó rántí orin kan tí Zelda, ọmọ ọba, ti kọ́ ọ rí. Ó fọn ún. Ló bá tún bá ara rẹ̀ ní àárọ̀ ọjọ́ kìíní.

Ohùn mẹ́ta ló wà nínú orin yẹn, ẹ̀ẹ̀mejì lèèyàn á fọn wọ́n. Tẹ́ ẹ bá fọn ún láti ẹ̀yìn wá síwájú, àkókò á máa falẹ̀. Tẹ́ ẹ bá fọn ohùn kọ̀ọ̀kan ní méjì-méjì, àkókò á fò síwájú. Èmi tó jẹ́ pé ohùn ni mò ń fi jẹun, tí mò ń gé e, tí mò ń tò ó lójoojúmọ́, ẹ mọ̀ pé inú mi á dùn sí irú nǹkan báyẹn.

Àmọ́ orin yẹn ní ohun tó ń gbà lọ́wọ́ èèyàn. Gbogbo ìgbà tí Link bá dá àkókò padà, àwọn ará ìlú á gbàgbé rẹ̀. Owó ọwọ́ rẹ̀ á lọ, ọfà rẹ̀ á lọ. Owó tó bá fi sí bánkì nìkan ló ń kù, torí pé ọkùnrin tó ń gbowó níbẹ̀ ti lu òǹtẹ̀ mọ́ ọn lára.

Èyí tó dùn mí jù ni ti Anju àti Kafei, àwọn méjì tó fẹ́ ṣègbéyàwó. Kafei ti sọ nù, Anju sì ń retí rẹ̀ ní ilé àlejò tó ti ń ṣiṣẹ́. Ó máa gbà yín ní odindi ọjọ́ mẹ́ta kí wọ́n tó ríra, ìgbà tí òṣùpá sì ti fẹ́ já ni wọ́n máa ríra. Tẹ́ ẹ bá wá fọn fèrè, ọjọ́ kìíní á tún bẹ̀rẹ̀. Anju á tún wà nídìí iṣẹ́ rẹ̀, á tún máa retí. Kò mọ̀ pé ẹ ti ràn án lọ́wọ́ rí. Ẹ̀yin nìkan lẹ rántí.

Ìgbà tí mo gbá gémù yẹn, mi ò mọ̀ pé èmi náà máa tó débẹ̀.

Àrùn ìgbàgbé ń bá màmá àgbà mi jà. Tí mo bá dé ọ̀dọ̀ wọn, wọ́n á ní, "Ọmọ ta ni ẹ́?" Màá ní, "Èmi ni, mà. Àṣàkẹ́ yín ni." Kí n tó jókòó tán, wọ́n á tún bi mí. Lọ́jọ́ Sunday kan, mo gé èékánná wọn, a jẹun, a rẹ́rìn-ín títí. Mo lọ bu omi wá látinú kíṣìnì. Nígbà tí mo padà dé, wọ́n kí mi bí àlejò. Mo dúró síbẹ̀ tèmi ti ife omi. Anju ló wá sí mi lọ́kàn.

Mi ò mọ ohun tí mo lè ṣe, ni mo bá ń ki oríkì wọn. Díẹ̀ náà ni mo mọ̀. Ṣé ẹ mọ̀ pé wọ́n gbà á lẹ́nu mi? Wọ́n kì í parí. Wọ́n wá yíjú sí mi, wọ́n bẹ̀rẹ̀ tèmi, bí wọ́n ṣe máa ń fi jí mi lọ sílé ìwé nígbà tí mo wà ní kékeré. Ọ̀rọ̀ kan ò yẹ̀. Àwọn oníṣègùn náà ti kíyè sí i pé orin sábà máa ń pẹ́ lọ́kàn àwọn tó ní irú àìsàn yìí. Oríkì ò dá àkókò padà bíi fèrè Link o. Lẹ́yìn tí wọ́n kì mí tán, wọ́n tún bi mí pé ọmọ ta ni mí.

Fóònù mi wà lórí tábìlì ní gbogbo ìgbà yẹn. Mi ò tẹ̀ ẹ́. Èmi tí mò ń gba ohùn gbogbo ayé sílẹ̀! Nígbà tí mo padà lọ, mo gba ohùn wọn, àmọ́ ìdajì ni mo rí gbà. Ìyókù ò wá mọ́.

Torí náà, ẹ̀bẹ̀ mi rèé. Kó tó di ìparí ọ̀sẹ̀ yìí, ẹ lọ bá àgbà kan nílé yín, kí ẹ ní kí wọ́n ki oríkì yín. Ẹ tẹ fóònù yín kó máa gbà á sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ òǹtẹ̀ bánkì nìyẹn, ohun tí ẹ bá fi pamọ́ ló máa kù.

Tí wọn ò bá sì rántí pé ẹ wá, ẹ tún lọ. Àwa méjèèjì la jọ rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ Sunday yẹn. Pé èmi nìkan ni mo rántí ò ní ká má rẹ́rìn-ín.

Ó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Àṣàkẹ́ yín ni o. Ó dàbọ̀.