Bí Àgbà Bá Ṣubú

Ẹ̀yin tí ẹ ń jáde ilé-ìwé lónìí, ọdún mẹ́fà kì í ṣe ọjọ́ mẹ́fà.

Wọ́n ní kí èmi tí mo ń bójú tó ẹgbẹ́ aláyò ṣẹ́ẹ̀sì sọ ọ̀rọ̀ ìdágbére lọ́dún yìí. Mo rí àwọn tó ń rẹ́rìn-ín lọ́ọ̀ọ́kán yẹn. Wọ́n rò pé mo fẹ́ ní kí gbogbo yín di gíráńmásítà. Rárá o. Tákàdá kan ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí.

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́, ẹ rántí ọjọ́ tí a lọ bá àwọn ilé-ìwé yòókù díje, tí wọ́n pa wá láyò títí ojú fi tì mí. Bí a ṣe ń padà bọ̀ nínú bọ́ọ̀sì, ọ̀kan nínú yín fa tákàdá tó kọ ayò rẹ̀ sí ya, ó jù ú sábẹ́ àga. Mi ò sọ nǹkan kan. Nígbà tí gbogbo yín sọ̀ kalẹ̀ tán, mo bẹ̀rẹ̀, mo ṣa á.

Ẹ̀yin òbí lè má mọ tákàdá tí mo ń wí. Nídìí ayò ọlọ́pọ́n tiwa, ẹni tó pa ayò ni ọ̀ta, ẹni tí wọ́n pa ni òpè. Wọ́n á fi òpè ṣe yẹ̀yẹ́ títí ilẹ̀ á fi ṣú, ọ̀rọ̀ á sì parí síbẹ̀. Ti ṣẹ́ẹ̀sì yàtọ̀. Nínú ìdíje ńlá, aláyò gbọ́dọ̀ máa kọ gbogbo ohun tó bá sún sílẹ̀, tirẹ̀ àti ti ẹni tí wọ́n jọ ń ta. Bí ayò bá parí, àwọn méjèèjì á buwọ́ lu tákàdá náà. Ẹ gbọ́ o: ẹni tí wọ́n pa á fi ọwọ́ ara rẹ̀ jẹ́rìí pé wọ́n pa òun. Lẹ́yìn náà, lọ́pọ̀ ìgbà, òun àti ẹni tó pa á á tún jọ to ọmọ ayò padà, wọ́n á máa wá ibi tó ti bàjẹ́. Àwọn baba wa ní bí ọmọdé bá ṣubú, a wo iwájú. Bí àgbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Tákàdá yẹn ni ẹ̀yìn tí aláyò ń wò.

Oyè gíráńmásítà kì í ṣe oyè ẹ̀bùn. Kí FIDE, àjọ ṣẹ́ẹ̀sì àgbáyé, tó fi ènìyàn jẹ ẹ́, máàkì rẹ̀ gbọ́dọ̀ dé 2500, kí ó sì ti fakọ yọ níwájú àwọn akọni. Ọ̀ta láàárín àwọn ọ̀ta ni wọ́n. Síbẹ̀, kò sí ọ̀kan nínú wọn tí wọn ò pa rí.

Ẹ wo Maurice Ashley, ọmọ Jàmáíkà tó dé Brooklyn ní New York nígbà tó wà lọ́mọ ọdún 12. Ní ilé-ìwé girama, ọmọ kíláàsì rẹ̀ kan lù ú bí ẹni lu bàrà nínú ṣẹ́ẹ̀sì. Ashley kò bá a ṣe ọ̀tá. Ó bọ́ sí ilé-ìkàwé, ó rí ìwé lórí ṣẹ́ẹ̀sì. Àṣé ayò yìí ní ìwé! Ó kà á, ó tún wá òmíràn. Ní 1999, ó di aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ ní gbogbo àgbáyé tó jẹ oyè gíráńmásítà. Ẹni ọdún 33 ni nígbà náà. Ẹ̀yin tí máàkì JAMB yín kò tó lọ́dún yìí, ẹ fi ọjọ́ orí yẹn sọ́kàn.

Judit Polgár ti Hungary kò pẹ́ tó bẹ́ẹ̀. Ilé ni bàbá rẹ̀ ti kọ́ òun àti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ méjì, Susan àti Sofia. Ní 1991, ọmọ ọdún 15 àti oṣù mẹ́rin ni nígbà tó di gíráńmásítà, ó sì kéré lọ́jọ́ orí ju Bobby Fischer ti Amẹ́ríkà lọ nígbà tí ìyẹn jẹ ẹ́ ní 1958. Ní 1994, ní Linares ní Spéènì, ó kojú Garry Kasparov, ọ̀gá wọn pátápátá. Òfin ni pé bí ènìyàn bá ti gbé ọmọ ayò kalẹ̀, tí ọwọ́ rẹ̀ kúrò lára rẹ̀, kò gbọdọ̀ yí i padà mọ́. Kasparov gbé ẹṣin rẹ̀ kalẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ kúrò, kí ojú tó ṣẹ́ ó ti tún gbé e síbòmíràn. Fídíò ká a. Judit, ọmọ ọdún 17, kò pe adájọ́, Kasparov sì pa á. Ọdún mẹ́jọ lẹ́yìn náà, ní Moscow, Judit náà pa Kasparov. Bí wọ́n bá rẹ́ yín jẹ, mi ò ní kí ẹ dákẹ́. Ẹ pe adájọ́. Àmọ́ ẹ má jẹ́ kí ayò tí wọ́n ti rẹ́ yín jẹ di ayò tí ẹ ta kẹ́yìn.

Ti Viswanathan Anand ló wọ̀ mí lára jù. Ní 1988, òun ni ẹni àkọ́kọ́ tó di gíráńmásítà ní Íńdíà. Ní 1995, òun àti Kasparov jókòó lókè World Trade Center ní New York láti du oyè àgbáyé. Ọ̀mì ni ayò mẹ́jọ àkọ́kọ́. Anand pa ẹ̀kẹsàn-án, ariwo ta. Nínú márùn-ún tó tẹ̀ lé e, Kasparov pa mẹ́rin. Anand padà sílé, ó tún bẹ̀rẹ̀. Nígbà tó fi di 2007, òun nìkan ló ni oyè náà, kò sí ẹni tó ń bá a du ú. Ní 2013, Magnus Carlsen ti Norway gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, ní Chennai, ìlú tí Anand ti dàgbà. Ọmọ ọdún méje kan wà láàárín àwọn òǹwòran ìdíje náà. Gukesh ni orúkọ rẹ̀. Ní December 2024, Gukesh yìí, lẹ́ni ọdún 18, gba oyè àgbáyé ní Singapore. Anand ṣubú lójú gbogbo ìlú, ọmọdé sì rí ọ̀nà níbi tó ti ṣubú.

Nítòsí ilé, Tunde Onakoya tó dàgbà ní Ìkòròdú kì í ṣe gíráńmásítà. Ìsọ̀ onígbàjámọ̀ ló ti mọ ṣẹ́ẹ̀sì. Ní April 2024, ó ta á fún 60 wákàtí ní Times Square nítorí ẹ̀kọ́ àwọn ọmọ tí kò ní olùrànlọ́wọ́. Oyè dára, ṣùgbọ́n iṣẹ́ kì í dúró de oyè.

Nítorí náà, níbi yòówù tí ẹ bá ń lọ, ẹ máa kọ ohun tí ẹ sún sílẹ̀. Ìwọ tó ń lọ kọ́ iṣẹ́ télọ̀, bí o bá gé aṣọ oníbàárà bàjẹ́, kọ ibi tí síṣọ́ọ̀sì ti yà. Ìwọ tó ń lọ sí yunifásítì, bí o bá pàdánù kọ́ọ̀sì kan, lọ bá olùkọ́ tó fún ọ ní máàkì náà kí o tó lọ bá wòlíì. Ìwọ tó ń lọ ṣòwò, kọ gbèsè rẹ sínú ìwé kan náà tí o ń kọ èrè sí.

Tákàdá ọjọ́sí nìyí lọ́wọ́ mi. Mo ti fi sẹ́lótéèpù lẹ̀ ẹ́. Òru méjì ni mo fi tún ayò náà tò, mo sì ti rí ibi tó ti bàjẹ́. Mi ò ní í sọ. Ẹni tó ni ín mọ ara rẹ̀. Bí ètò bá parí, kí ó wá bá mi. Bọ́ọ̀dù wà lábẹ́ àga mi. Mo tún ṣàkíyèsí pé kò buwọ́ lù ú lọ́jọ́ náà. Mo ti mú bírò dání.

Ó dìgbóṣe o.